Bí Àṣà Gígé Oníjó Dúdú Kúrò Nínú Fíìmù Amẹ́ríkà Ṣe Bẹ̀rẹ̀

Ẹni tó bá wo fíìmù olórin tí Hollywood ṣe láàárín 1935 sí 1948 yóò rí i léraléra. Ìtàn á máa lọ, àwọn òṣèré funfun á máa fẹ́ra, wọ́n á máa jà, àfi gbì! aláwọ̀ dúdú méjì bọ́ sójú agbo. Wọ́n á jó títí orí òǹwòran á fi wú, wọ́n á tẹrí ba, ó parí. Kò sẹ́ni tó máa dárúkọ wọn nínú ìtàn náà, a ò sì ní rí wọn mọ́. Ẹ má rò pé ó ṣèèṣì. Wọ́n mọ̀ọ́mọ̀ tò ó bẹ́ẹ̀ ni.

Nígbà tí fíìmù olóhùn gbòde ní 1927, Hollywood bẹ̀rẹ̀ sí í wá ẹni tó mọ orin àti ijó, Harlem ní New York ni wọ́n sì ti rí ọ̀pọ̀ nínú wọn. Ní Cotton Club níbẹ̀, dúdú ló ń jó, funfun ló ń jókòó wòran. Ibẹ̀ ni tẹ̀gbọ́n-tàbúrò kan, Fayard àti Harold Nicholas, ti ń jó láti 1932, nígbà tí Harold jẹ́ ọmọ ọdún 11.

Ṣùgbọ́n ní gúúsù Amẹ́ríkà, òfin ló ya dúdú sọ́tọ̀ kúrò lára funfun. Ọ̀pọ̀ onílé sinimá níbẹ̀ ò fẹ́ rí dúdú lójú sinimá àfi tó bá ń gbé oúnjẹ tàbí tó ń ṣí ilẹ̀kùn fún ọ̀gá rẹ̀. Hollywood ò sì fẹ́ pàdánù owó wọn. Ohun tí wọ́n wá ṣe ni pé wọ́n dá ijó dúdú sọ́tọ̀, kò so mọ́ ìtàn níbì kankan, kí ẹni tó bá fẹ́ lè fi àlùmọ́gàjí gé e kúrò láìsí ìpalára. Ní Memphis, Lloyd Binford, alága ìgbìmọ̀ tó ń yẹ fíìmù wò, gé Lena Horne, akọrin dúdú kan, kúrò bẹ́ẹ̀. Ọ̀rọ̀ náà burú débi pé nígbà tí Bill Robinson, oníjó dúdú kan, di ọmọ funfun kékeré kan, Shirley Temple, lọ́wọ́ mú nínú ijó orí àtẹ̀gùn ní 1935, wọ́n gé ìyẹn náà ní gúúsù.

Ti obìnrin tún le jù. Jeni LeGon, obìnrin dúdú kan, gba àdéhùn lọ́wọ́ MGM, ilé iṣẹ́ fíìmù kan ní Hollywood, ní 1935, kò pẹ́ tí wọ́n fi fagi lé e. Ipa ọmọ ọ̀dọ̀ ló pọ̀ jù nínú ohun tí wọ́n ń fún un lẹ́yìn náà, oníjó tó mọ́ṣẹ́ bẹ́ẹ̀!

Ẹ wá wo fíìmù *Stormy Weather* ti 1943. Dúdú ni gbogbo òṣèré rẹ̀, nítorí náà kò sí ohun tí wọ́n lè yọ kó ṣẹ́ kù. Àwọn Nicholas fò láàárín àwọn onílù, wọ́n gun orí dùùrù, wọ́n gun àtẹ̀gùn. Láti òkè, ọ̀kan á fo ẹnì kejì kọjá lórí, á balẹ̀ sórí àtẹ̀gùn tó tẹ̀ lé e pẹ̀lú itan yíya gbalaja, ẹni tó wà lẹ́yìn á tún fo òun náà kọjá, bẹ́ẹ̀ títí dé ìsàlẹ̀. Wọn ò fọwọ́ tilẹ̀ kí wọ́n tó dìde. Mi ò tíì rí ijó tó ju ìyẹn lọ nínú fíìmù kankan.

Ní 1948, Gene Kelly, tó jẹ́ ọ̀gá òṣèré nínú *The Pirate*, bá wọn jó lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, ọgbọọgba. Lọ́tẹ̀ yìí, dúdú àti funfun wà nínú ijó kan náà. Síbẹ̀, àwọn onílé sinimá kan ní gúúsù gé e, Kelly àti gbogbo rẹ̀. Àwọn Nicholas kọjá sí Yúróòpù, wọ́n sì ń jó níbẹ̀.