Kóòdù P0340: kí ẹ tó ra sẹ́ńsọ̀ camshaft, ẹ yẹ wáyà rẹ̀ wò

Iná ẹ́ńjìnnì tàn lójú dáṣíbọ́ọ̀dù. Wọ́n gbé sikáánà sí i, ó mú P0340 wá. Ẹni tó ni ọkọ̀ bèèrè ohun tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀, wọ́n ní sẹ́ńsọ̀ camshaft ti kú, kó lọ ra òmíràn. Ó rà á, wọ́n fi sí i, wọ́n pa kóòdù rẹ́, iná kú. Kó tó dé Obajana, iná ti tún tàn. Irú eré yìí pọ̀ láti Kàbà títí dé Ìsánlú ní ilẹ̀ Okun, ìpínlẹ̀ Kogí, owó àwọn onímọ́tò ló sì ń bá a lọ.

Kóòdù yẹn kò sọ pé sẹ́ńsọ̀ ti kú. Ohun tó sọ kò ju pé kọ̀ǹpútà ọkọ̀, èyí tí gbogbo mẹkáníìkì wa ń pè ní brain box, kò gbúròó sẹ́ńsọ̀ náà bó ṣe yẹ kó gbọ́ ọ. Sẹ́ńsọ̀ lè ti bàjẹ́ lóòótọ́. Wáyà náà sì lè já, sọ́kẹ́ẹ̀tì lè dọ̀tí, chéènì inú ẹ́ńjìnnì pàápàá lè ti fà. Iṣẹ́ ẹni tó ń tún ọkọ̀ ṣe ni láti mọ èwo ni nínú wọn, sikáánà kò lè bá a ṣe é.

Camshaft ni ọ̀pá irin tó wà lókè ẹ́ńjìnnì, lábẹ́ tápẹ́ẹ̀tì kọ́fà, òun ló ń ti fáàfù ṣí. Crankshaft wà nísàlẹ̀, pístìnnì ló ń yí i. Chéènì tàbí bẹ́líìtì ló so wọ́n pọ̀, wọ́n sì ṣe é kó jẹ́ pé bí crankshaft bá yí lẹ́ẹ̀mejì, camshaft á yí lẹ́ẹ̀kan péré. Ibẹ̀ gan-an lọ̀rọ̀ wà. Láàárín ẹ̀ẹ̀mejì tí crankshaft yí yẹn, pístìnnì kọ̀ọ̀kan á gòkè lẹ́ẹ̀mejì: ó gòkè lẹ́ẹ̀kan láti fún afẹ́fẹ́ àti epo pọ̀ kí iná lè ràn án, ó tún gòkè lẹ́ẹ̀kan sí i láti ti èéfín jáde. Sẹ́ńsọ̀ crankshaft lè sọ fún brain box pé pístìnnì kìíní ti dókè, àmọ́ kò lè sọ irú òkè tó dé. Ẹ wo aago ara ògiri: bí ó bá lu mẹ́fà, aago kò ní sọ bóyá ti àárọ̀ ni tàbí ti ìrọ̀lẹ́, torí ẹ̀ẹ̀mejì lọwọ́ rẹ̀ ń yí po kí ọjọ́ tó pé. Sẹ́ńsọ̀ camshaft ló ń sọ pé ti àárọ̀ ni. Ìgbà tí brain box bá gbọ́ ìyẹn ló tó mọ nọ́sù tí yóò fọ́n epo àti kọ́ìlì tí yóò ṣáná. Nínú àwọn ọkọ̀ tó ní VVT-i, ìyẹn ètò tó ń yí àsìkò tí fáàfù ń ṣí padà, òun náà la fi ń mọ̀ bóyá camshaft sún síwájú bí wọ́n ṣe pàṣẹ fún un.

Ìdí nìyí tí ọkọ̀ kan á fi máa rìn tí sẹ́ńsọ̀ yìí kò sì ṣiṣẹ́, tí òmíràn á sì kọ̀ jálẹ̀. Àwọn brain box kan máa ń méfò: wọ́n á fi sẹ́ńsọ̀ crankshaft nìkan dánwò, bí ẹ́ńjìnnì bá gbà, wọ́n á bá a lọ bẹ́ẹ̀. Àwọn mìíràn kò ní fọ́n epo rárá. Àwọn kan tún wà tó jẹ́ pé bí sẹ́ńsọ̀ bá dákẹ́ lójú ọ̀nà, wọn kò ní dúró, torí wọ́n ti mọ ibi tí nǹkan dé. Ẹ kàn má pa ọkọ̀ ni, torí tí ẹ bá pa á, ó lè má gbà mọ́.

Ní ti àmì, ẹ ó kíìkì ọkọ̀, sítátà á máa yí ẹ́ńjìnnì lọ, á pẹ́ kó tó gbà. Ó lè máa kú ní sìló, ìyẹn nígbà tí ẹ́ńjìnnì ń ṣiṣẹ́ tí ọkọ̀ kò rìn. Agbára rẹ̀ á dínkù bí èrò bá kún inú rẹ̀ tó sì kan òkè, epo tó ń jẹ á sì lé sí i. Èyí tó ń da dírẹ́bà láàmú jù ni ti ooru. Ọkọ̀ á kíìkì dáadáa láàárọ̀, á kó èrò láti Kàbà dé Lọ́kọ́ja láìsí wàhálà, ṣùgbọ́n bí dírẹ́bà bá pa á kó lè ra omi mu, ó di kó tutù kó tó gbà. Wáyà tín-ín-rín kan wà tí wọ́n wé sínú àwọn sẹ́ńsọ̀ kan. Bí ó bá ti sán níbì kan, ooru á mú kí ojú ibẹ̀ là, bó bá tutù ojú náà á tún pàdé. Àmọ́ fúẹ́ẹ̀lì pọ́ǹpù tó ti rẹ̀ máa ń ṣe irú rẹ̀, sẹ́ńsọ̀ crankshaft náà ń ṣe é. Nítorí náà, ẹ má fi àmì nìkan dájọ́.

Kí ló ń bà á jẹ́ lọ́dọ̀ wa níbí? Ooru àti ọjọ́ orí wà níbẹ̀, ó dájú, ọkọ̀ tókúnbọ̀ ṣáà ni púpọ̀ nínú wọn. Ọ́ìlì tó ń jò lára gásíkẹ́ẹ̀tì tápẹ́ẹ̀tì kọ́fà náà wà níbẹ̀: á ṣàn wá sórí sọ́kẹ́ẹ̀tì, á mú kí rọ́bà rẹ̀ wú, á sì gbé erukú lẹ̀ mọ́ ọn. Nígbà ọyẹ́, erukú pupa á kún inú bọ́nẹ́ẹ̀tì, àwọn tó ń fọ mọ́tò á sì fi omi tó le fọ́n gbogbo rẹ̀, omi á wọ inú sọ́kẹ́ẹ̀tì tí rọ́bà rẹ̀ ti gbó. Iṣẹ́ ríwáyà tún ńkọ́? Ẹni tó ń so áláàmù tàbí tírákà á gé wáyà tí kò kàn án, á fi ọwọ́ lọ́ ọ pọ̀, á fi táàpù wé e. Kòtò ojú ọ̀nà á parí èyí tó kù.

Lójú tèmi, eku ló burú jù. Àwọn ọmọ Okun tó ń gbé Àbújá máa ń gbé ọkọ̀ kan sílé, ó di ọdún kí wọ́n tó tún wà á. Ẹ ṣí irú bọ́nẹ́ẹ̀tì bẹ́ẹ̀ wò, ẹ ó bá ṣùkù àgbàdo àti ìgbẹ́ eku lórí ẹ́ńjìnnì, ẹ ó sì rí ojú eyín lára wáyà. Ẹ lè ra sẹ́ńsọ̀ mẹ́wàá sí irú ọkọ̀ yẹn, ẹyọ kan ò ní ṣiṣẹ́.

Àyẹ̀wò bẹ̀rẹ̀ láti orí sikáánà, kò kàn gbọ́dọ̀ parí síbẹ̀ ni. Láti ọdún 1996 ni Amẹ́ríkà ti sọ ọ́ di dandan kí ọkọ̀ tuntun tí wọ́n bá ń tà lọ́hùn-ún ní ihò ẹlẹ́sẹ̀ 16 tí a ń ki sikáánà sí, nítorí náà tókúnbọ̀ tó bá ti ibẹ̀ wá ní in, lábẹ́ ibi tí sítíárì wà. Kí ẹnikẹ́ni tó pa kóòdù rẹ́, ẹ kọ gbogbo èyí tó bá jáde sílẹ̀. P0340 ní kí ẹ wá ìṣòro lójú ọ̀nà iná, láti sẹ́ńsọ̀ títí dé brain box. P0341 ní ìró ń wá, ṣùgbọ́n kò bọ́ sásìkò. P0344 ní ó ń wá, ó ń lọ, èyí tó sábà máa ń jẹ́ sọ́kẹ́ẹ̀tì tó ń mì. P0335 ti sẹ́ńsọ̀ crankshaft ni. Bí P0335 àti P0340 bá jọ jáde, ẹ má sáré ra sẹ́ńsọ̀ méjì, ó ṣòro kí méjèèjì kú lọ́jọ́ kan náà. Ojú ọ̀nà tí wáyà wọn jọ gbà ni kí ẹ kọ́kọ́ yẹ̀ wò. Bí ọkọ̀ bá jẹ́ V6, ìyẹn ẹ́ńjìnnì onípístìnnì mẹ́fà tó pín sí apá méjì, bí Sienna tí wọ́n fi ń kó èrò lọ sí Àbújá, sẹ́ńsọ̀ rẹ̀ lè ju ẹyọ kan lọ: apá kìíní ni P0340 ń sọ, P0345 ń sọ ti apá kejì. Nínú Toyota V6 tí ẹ́ńjìnnì rẹ̀ dùbúlẹ̀ níwájú, apá kìíní ni èyí tó wà lẹ́yìn, níhà inú ọkọ̀ níbi tí èrò ń jókòó sí. Àwọn kan ti tú apá iwájú nítorí pé ọwọ́ tètè ń tó o.

Lẹ́yìn ìyẹn, ojú ni ẹ ó lò. Bàbá kan tó ń fi Corolla ṣe kábúkábú mú sẹ́ńsọ̀ tuntun nínú páálí wá sí gáréèjì kan ní Kàbà.

"Okun o, ọ̀gá. Bá mi fi èyí sí i, wọ́n ní èyí tó wà níbẹ̀ ti kú."

"Okun o, bàbá. Ta ló yẹ̀ ẹ́ wò?"

"Sikáánà ló sọ bẹ́ẹ̀."

Mẹkáníìkì náà kò fọwọ́ kan páálí. Ó ṣí bọ́nẹ́ẹ̀tì, ó na ọwọ́ sí ìhà ọ̀dọ̀ gíà bọ́ọ̀sì níbi tí sẹ́ńsọ̀ náà ti wọnú orí ẹ́ńjìnnì, ó tẹ ahọ́n sọ́kẹ́ẹ̀tì, ó fà á. Ọ́ìlì dúdú kán sí i lọ́wọ́. Ó yí sọ́kẹ́ẹ̀tì náà sí oòrùn kí bàbá lè rí i: irin méjì tó yẹ kó máa dán ti rì sínú ẹrẹ̀ ọ́ìlì, ọ̀kan sì ti sún sẹ́yìn débi pé kò kan ẹnìkejì rẹ̀ dáadáa mọ́.

"Bàbá, ẹ dá sẹ́ńsọ̀ yín padà kí wọ́n tó ti ṣọ́ọ̀bù. Gásíkẹ́ẹ̀tì ni kí ẹ fi owó rẹ̀ rà."

Bí ojú kò bá rí nǹkan kan, mítà ló kàn. Ẹ ka iye wáyà tó wọ inú sọ́kẹ́ẹ̀tì. Oníwáyà méjì, bíi ti Corolla ayé 2003 sí 2008, mágínẹ́ẹ̀tì àti wáyà wíwé ló wà nínú rẹ̀, fúnra rẹ̀ ló ń mú iná wá bí ehín irin ara camshaft bá ń kọjá níwájú rẹ̀. Ẹ yọ sọ́kẹ́ẹ̀tì, ẹ yí mítà sí ohm, ẹ fi kan ẹsẹ̀ sẹ́ńsọ̀ méjèèjì. Nínú irú Toyota yìí, bí ẹ́ńjìnnì bá tutù, ó yẹ kó wà láàárín nǹkan bí 800 sí 1,400. Bí mítà kò bá ka nǹkan kan, wáyà inú rẹ̀ ti já. Bó bá ka òdo tàbí tó sún mọ́ ọn, ó ti lẹ̀ pọ̀. Bí òǹkà bá dára nígbà tútù, ẹ wọn ọ́n lẹ́ẹ̀kan sí i nígbà tí ẹ́ńjìnnì bá gbóná dáadáa, torí ìgbà yẹn ni olè máa ń jáde. Ẹ tún lè yí mítà sí fóòtì AC kí ẹnìkan máa kíìkì ọkọ̀: bí òǹkà kò bá mira rárá, ẹ fura.

Oníwáyà mẹ́ta, tó wà nínú ọ̀pọ̀ Honda, Nissan àti Volkswagen, kì í ṣe irú ẹni tí à ń wọn ohm rẹ̀. Òun ń gba iná kó tó ṣiṣẹ́. Ẹ ṣí kọ́kọ́rọ́ láìkíìkì ọkọ̀, kí ẹ sì wọn sọ́kẹ́ẹ̀tì: wáyà kan gbọ́dọ̀ ní iná, 5 tàbí 12 fóòtì gẹ́gẹ́ bí ọkọ̀ bá ṣe rí, ìkejì jẹ́ earth, ìkẹta ló ń gbé ìró lọ. Bí iná kò bá dé tàbí earth kò sí, ẹ̀ṣẹ̀ kò sí lọ́wọ́ sẹ́ńsọ̀. Bí méjèèjì bá pé, ẹ dá sọ́kẹ́ẹ̀tì padà, ẹ fi mítà kan wáyà ìkẹta láti ẹ̀yìn, kí ẹnìkan fi sípánà yí ẹ́ńjìnnì díẹ̀díẹ̀: iná orí rẹ̀ gbọ́dọ̀ máa gòkè, kó máa sọ̀ kalẹ̀. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má jẹ́ kí ríwáyà kankan fi tẹ́sítà onígílóòbù gún wáyà tó lọ sí brain box. Iná tí gílóòbù yẹn ń fà lè jó ohun tí owó rẹ̀ ju ti sẹ́ńsọ̀ lọ fíìfíì.

Bí ó bá wá dájú pé sẹ́ńsọ̀ ló kú, pípààrọ̀ rẹ̀ kì í ṣe iṣẹ́ ńlá. Ẹ yọ orí bátìrì, ẹ tú bóòtì ẹyọ kan tó mú un, sípánà 10 ni lára ọ̀pọ̀ Toyota, kí ẹ máa yí sẹ́ńsọ̀ síhìn-ín sọ́hùn-ún bí ẹ ti ń fà á. Ẹ má fi hámà gbá a. Ẹ wo orí rẹ̀: bí ẹ bá rí èérún irin lórí mágínẹ́ẹ̀tì, nǹkan kan ń jẹra nínú ẹ́ńjìnnì. Ẹ fi ọ́ìlì pa rọ́bà rìǹgì ti tuntun kó lè wọlé láìya. Ẹ má fi gọ́ọ̀mù há a lábẹ́: àyè tó wà láàárín orí rẹ̀ àti ehín irin kéré gan-an, gọ́ọ̀mù á sì gbé e sókè. Bóòtì náà ò fẹ́ agbára, alumíníọ̀mù ló wọ̀.

Lórí tuntun àti Bẹ́ljíọ̀mù, èmi fara mọ́ Bẹ́ljíọ̀mù ojúlówó ju tuntun tí orúkọ ilé iṣẹ́ ńlá kàn wà lára páálí rẹ̀ lọ. Bó bá jẹ́ oníwáyà méjì, ẹ mú mítà dání lọ, kí ẹ wọn ọ́n níwájú ẹni tó ń tà á kí owó tó kúrò lọ́wọ́ yín.

Tí sẹ́ńsọ̀ dára, tí wáyà dára, tí P0341 sì ń padà wá, tàbí tí P0016 bá a rìn, ọ̀rọ̀ ti kúrò ní ti iná. P0016 túmọ̀ sí pé ohun tí camshaft ń sọ kò bá ti crankshaft mu mọ́. Chéènì lè ti fà nítorí ọ́ìlì tí a kò pààrọ̀ lásìkò, tàbí kí ó ti fo ehín kan, pàápàá bí wọ́n bá ṣẹ̀ṣẹ̀ tú ẹ́ńjìnnì náà. Bí ariwo irin bá ń wá láti ẹ̀gbẹ́ chéènì láàárọ̀ tí ẹ bá kíìkì ọkọ̀, ẹ má gbé e jáde lọ sí Lọ́kọ́ja. Ẹ jẹ́ kí wọ́n ṣí i, nítorí nínú ọ̀pọ̀ ẹ́ńjìnnì, bí chéènì bá fo tán, pístìnnì á kọlu fáàfù.