Àyájọ́: bí ọjọ́ àkọ́kọ́ ṣe ń ṣiṣẹ́ lónìí

Ohun tí fíìmù fi kọ́ ọ̀pọ̀ èèyàn nípa àyájọ́, ìyẹn ọ̀rọ̀ agbára tí wọ́n ń fi ìtàn Ifá pè, ni pé ẹni tí ohùn rẹ̀ bá le jù, tí ẹnu rẹ̀ sì yá jù, ni ọ̀rọ̀ rẹ̀ máa ń ṣẹ. Ojú á pọ́n, itọ́ á máa ta, ẹnì kejì á ṣubú lulẹ̀. Àṣìmọ̀ yìí burú gan-an, nítorí ó bo ohun tó jinlẹ̀ jù nínú àyájọ́ mọ́lẹ̀, ìyẹn èrò kan nípa ìgbà. Ariwo kọ́ ló gbé àyájọ́ ró. Wọ́n lè sọ ọ́ wúyẹ́wúyẹ́ sórí igbá omi, kó sì pé.

Ẹ jẹ́ ká fi ti ewé àti ọṣẹ dúdú sílẹ̀, àti ataare méje tàbí mẹ́sàn-án tí wọ́n ń jẹ lẹ́nu kí wọ́n tó sọ̀rọ̀. Gbogbo ayé ló ti gbọ́ ìyẹn. Bí wọ́n ṣe to ọ̀rọ̀ náà ni iṣẹ́ wà.

Ọfọ̀, tí òun náà jẹ́ ọ̀rọ̀ agbára, máa ń fi ohun tí ojú ń rí lójoojúmọ́ ṣe ẹ̀rí. "Tẹ̀tẹ̀ kì í tẹ́ láwùjọ ẹ̀fọ́." Kò tẹ́ lánàá, kò tẹ́ lónìí, kò ní tẹ́ lọ́la. Ẹni tó ń pè é yóò wá so ara rẹ̀ mọ́ ọn: kí èmi lágbájá, ọmọ lágbájá, má tẹ́ láwùjọ ènìyàn. Pierre Verger, tó kó irú wọn jọ sínú ìwé rẹ̀, Ewé (1995), tọ́ka sí i pé orúkọ ewé àti iṣẹ́ tí wọ́n bẹ̀ ẹ́ máa ń jọ ara wọn létí báyìí. Àyájọ́ yàtọ̀. Ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo ló fi ń ṣe ẹ̀rí: ọjọ́ tí wọ́n dífá fún ẹni báyìí, tí ikú ń wá a kiri, tó rúbọ, tí ikú sì yẹ̀ lórí rẹ̀.

Báwo ni ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́ẹ̀kan ṣe wá di òfin? Ẹ wo ilé ẹjọ́. Lọ́yà tó mọṣẹ́ kì í bẹ adájọ́. Ẹjọ́ tí wọ́n ti dá sílẹ̀ ló máa ń fà yọ: ta ló pe ta lẹ́jọ́, kí ni wọ́n ń jà sí, kí ni ilé ẹjọ́ tó ga jù sọ. Tó bá ti fi hàn pé ẹjọ́ tòní àti tọjọ́ náà dọ́gba, ó di dandan kí adájọ́ tẹ̀ lé e. Ẹjọ́ àtijọ́ yẹn ti parí fún àwọn tó jà á, wọ́n tiẹ̀ lè ti kú, àmọ́ ìdájọ́ rẹ̀ ṣì ń ṣiṣẹ́. Bí àyájọ́ ṣe ń wo ọjọ́ àkọ́kọ́ gan-an nìyẹn. Ó ti ṣẹlẹ̀, síbẹ̀ kò tíì kọjá. Ẹni tó bá kà á pé, tó kà á bó ṣe rí, ti wọ abẹ́ ìdájọ́ ọjọ́ náà.

Ìdí nìyí tí apá tó dà bí àfikún lásán fi ṣe pàtàkì jù: orúkọ àwọn awo tó dífá, orúkọ ẹni tí wọ́n dífá fún, ohun tó gbé e délé awo, ẹbọ tí wọ́n yàn fún un. Oníkánjú máa ń fo gbogbo rẹ̀ kó lè tètè dé ibi tí yóò ti bèèrè. Ó ti fa ẹjọ́ tí kò ní olùpẹ̀jọ́ yọ nìyẹn. Níbi tí babaláwo bá ti ń tẹ odù, ìyẹn àmì Ifá, sórí ìyẹ̀ròsùn, ìyẹ̀fun tí wọ́n ń tẹ Ifá sí, ìlà yẹn ló ń sọ inú fáìlì wo ni ẹjọ́ náà wà: ẹsẹ̀ (ọ̀wọ́ ìlà) méjì, ọ̀kọ̀ọ̀kan ní ipò mẹ́rin, ìlà kan tàbí méjì ní ipò kọ̀ọ̀kan, tí ọ̀tún sì ń ṣáájú òsì. Odù 256 ló lè tibẹ̀ jáde. Bí ọ̀tún àti òsì bá gbapò ara wọn, Ogbè-Yẹ̀kú ti di Ọ̀yẹ̀kú-Logbè, odù mìíràn pátápátá. Lẹ́yìn tó bá ti ki ẹsẹ Ifá, ìyẹn ìtàn tó wà lábẹ́ odù náà, sórí ìyẹ̀ròsùn, ó lè da ìyẹ̀fun ọ̀hún sínú omi tàbí àgúnmu.

Yíyan ẹsẹ pàápàá léwu. Kì í ṣe gbogbo ẹni tí wọ́n dífá fún ló rúbọ. Òmíràn pe awo lékèé, ó pe Èṣù lólè, ojú rẹ̀ sì rí i. Bí èèyàn bá fi irú ẹsẹ bẹ́ẹ̀ tọrọ ire fún ara rẹ̀, ẹjọ́ tí wọ́n ti dá ẹ̀bi ló fi ń gbèjà ara rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ náà ni ẹsẹ tó sọ nípa bí ẹnì kan ṣe bọ́ lọ́wọ́ ikú kò bá ẹni tó ń wá èrò ọjà mu.

Ibi tó gba àfiyèsí jù ni gbólóhùn tó so ọjọ́ méjèèjì pọ̀: "bí ó ṣe rí fún un lọ́jọ́ náà, bẹ́ẹ̀ ni kí ó rí fún èmi lágbájá lónìí." Ṣáájú rẹ̀, ìtàn ni. Ọmọ awo ń ki ẹsẹ látàárọ̀ dalẹ́ níbi tó ti ń kọ́ṣẹ́, ikú kò sì yẹ̀ lórí ẹnikẹ́ni, nítorí kò dárúkọ ẹni tí ìdájọ́ náà kàn. Orúkọ àbísọ, pẹ̀lú orúkọ ìyá tó bí onítọ̀hún, ló ń sọ ẹni náà di ẹni tí ọ̀rọ̀ kàn.

Ìlànà yìí gbọ́n púpọ̀. Bí ó ṣe jẹ́ pé ọ̀rọ̀ kan tó bá yẹ̀ lè ba gbogbo iṣẹ́ jẹ́, ó sọ ìrántí pípé di dandan fún àwọn tí kò kọ nǹkan sílẹ̀. Ṣùgbọ́n àbùkù rẹ̀ wà níbẹ̀ náà. Odù kan náà ní ẹsẹ tó yàtọ̀ síra lẹ́nu awo ìlú kan àti ìkejì, olúkúlùkù sì ní tòun ló pé. Bí àyájọ́ kò bá sì jẹ́, ẹnu ẹni tó pè é ni wọ́n ń dá lẹ́bi, tàbí èèwọ̀ tó jẹ. Wọn kì í dá ẹsẹ fúnra rẹ̀ lẹ́bi. Ilé ẹjọ́ tó ga jù lè padà sọ pé ìdájọ́ òun àtijọ́ kò tọ̀nà. Àyájọ́ kò ní irú ilé ẹjọ́ bẹ́ẹ̀, nítorí náà ẹsẹ tí kò ṣiṣẹ́ rí lè máa gbé lẹ́nu awo pọ̀ mọ́ èyí tó ń ṣiṣẹ́, láìsí ọ̀nà tí wọ́n lè gbà yọ ọ́ kúrò.