Opó ọmọ Kursk ló bí ìwé oúnjẹ Rọ́ṣíà

Bí ẹ bá bi ará Rọ́ṣíà kan léèrè pé ta ni ìyá àwọn ìwé oúnjẹ wọn, Elena Molokhovets ni yóò dárúkọ kí ẹ tó pa ẹnu dé. Ìlú Kursk ni ìwé rẹ̀, Podarok molodym khozyaikam, ìyẹn Ẹ̀bùn fún Àwọn Ọ̀dọ́ Ìyàwó Ilé, ti kọ́kọ́ jáde ní ọdún 1861. Èmi kò jiyàn pé ìwé náà lókìkí. Ohun tí mò ń sọ ni pé ẹlòmíràn ti bí ọmọ náà tipẹ́, Molokhovets kàn wá gbé e pọ̀n ni. Ọmọ Kursk kan náà lẹni tó bí i, Ekaterina Avdeeva ni orúkọ rẹ̀, ìwé tirẹ̀ sì ti wà lórí àtẹ láti 1842.

Àmọ́ ilé là ń wò kí a tó sọmọ lórúkọ, nítorí náà ẹ jẹ́ ká ti ẹ̀yìn wá. Ẹ jẹ́ ká lọ sí ayé Ivan Kẹrin, ẹni tí wọ́n fi jẹ tsar ní 1547. Àlùfáà kan wà ní Moscow nígbà náà tó ń jẹ́ Silvester, tí Novgorod jẹ́ ìlú rẹ̀. Òun ni wọ́n máa ń dárúkọ mọ́ ìwé kan tí wọ́n ń pè ní Domostroi. Dom ni ilé, stroi ni ètò. Ẹni tó bá pè é ní Ètò Ilé kò ṣìnà. Bí èèyàn ṣe ń gbàdúrà, bí ó ṣe ń bọ̀wọ̀ fún ọba, bí baálé ṣe ń pàṣẹ, gbogbo rẹ̀ ló wà níbẹ̀. Ẹ ṣí i síwájú díẹ̀, ẹ ó bá ara yín ní ilé ìdáná: bí wọ́n ṣe ń pọn ọtí oyin, bí wọ́n ṣe ń fi iyọ̀ tọ́jú kábéèjì àti kùkúńbà kí òtútù tó dé, oúnjẹ tó yẹ ọjọ́ ààwẹ̀ àti èyí tó yẹ ọjọ́ tí wọ́n ń jẹran. Ààwẹ̀ ìjọ Orthodox kì í ṣe ọ̀rọ̀ eré o. Ká kó gbogbo rẹ̀ jọ, ó ń lọ sí ìdajì ọdún, kò sì sí ẹran, ẹyin tàbí wàrà nínú rẹ̀. Bí olú, ẹja, ọkà àti kábéèjì kíkan ṣe di ọ̀gá nínú ìkòkò Rọ́ṣíà nìyẹn.

Ta ló wá mọ gbogbo nǹkan wọ̀nyí tí wọ́n fi rí i kọ sílẹ̀? Orí ìwé tó kẹ́yìn, Silvester kọ ọ́ sí ọmọ rẹ̀ Anfim, ìyẹn dá mi lójú. Ṣùgbọ́n àlùfáà wo ló máa ń rántí pé kí wọ́n má da àjákù aṣọ tí wọ́n gé kù nù, pé yóò wúlò fún àbùlẹ̀ lọ́jọ́ mìíràn? Ọkùnrin wo, tó ń lọ tó ń bọ̀ ní ààfin, ló mọ àgbá kábéèjì tó ti fẹ́ bàjẹ́ yàtọ̀ sí èyí tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kan? Tèmi ni pé obìnrin ló sọ ọ́, ọkùnrin ló kọ ọ́. Ó lè jẹ́ ìyàwó Silvester fúnra rẹ̀. Ó lè jẹ́ àwọn ìyá àgbà Novgorod, nítorí ìlú oníṣòwò ni Novgorod, ilé oníṣòwò sì ni a ti ń ka iye ẹja gbígbẹ tó wà ní àjà. Mi ò ní ìwé ẹ̀rí tí mo fẹ́ gbé síwájú yín. Òórùn ọbẹ̀ ni mo ń tẹ̀ lé.

Síbẹ̀, Domostroi kì í ṣe ìwé oúnjẹ sísè. Ó máa ń dárúkọ oúnjẹ, kì í sọ bí wọ́n ṣe ń sè é. Bí ẹni tó kọ “ẹ̀fọ́ rírò” sílẹ̀ tí kò sọ iye ata ni. Kí ni wọn ì bá tilẹ̀ kọ? Ọ̀dọ̀ ìyá ni gbogbo ọmọbìnrin ti ń kọ́ ọ, ààrò ló sì ń ṣe èyí tó pọ̀ jù nínú iṣẹ́ náà. Ààrò wọn, pech, tóbi débi pé èèyàn lè sùn lé e lórí nígbà òtútù. Wọ́n á dáná sí i láàárọ̀, wọ́n á ti ìkòkò bọ inú rẹ̀, ooru tó ń lọ sílẹ̀ díẹ̀díẹ̀ yóò máa se shchi, ọbẹ̀ kábéèjì wọn, àti kasha, ọkà tí wọ́n sè títí tó fi rọ̀. Òwe wọn kan sọ pé “shchi da kasha, pishcha nasha”: shchi àti kasha, oúnjẹ wa nìyẹn. Bí a ṣe ń fi obì gbàlejò, búrẹ́dì àti iyọ̀ làwọn fi ń gbà á, lórí aṣọ tí wọ́n ṣe ọnà sí. Láti ara khleb, búrẹ́dì, àti sol, iyọ̀, ni wọ́n ti yọ khlebosolstvo, ọ̀rọ̀ tí wọ́n ń lò fún ìwà ọ̀làwọ́ sí àlejò.

Ìgbà tí tsar Peter Kìíní dé ni àlejò wá pọ̀ ju onílé lọ. Ó tẹ St. Petersburg dó ní 1703, àwọn alásè Faransé àti Jámánì sì ń wọ ilé àwọn ọlọ́lá títí ọ̀rúndún yẹn fi parí. Èdè ilé ìdáná yí padà: sup (ọbẹ̀ olómi) àti kotlety (ẹran díndín) wá láti Faransé, buterbrod (búrẹ́dì tí wọ́n fi nǹkan sí lórí) wá láti Jámánì. Ní 1779, Sergei Drukovtsev tẹ ìwé oúnjẹ kékeré kan jáde. Vasily Levshin ará Tula tẹ̀ lé e pẹ̀lú ìwé atúmọ̀ ọ̀rọ̀ oúnjẹ alápá mẹ́fà láàárín 1795 sí 1797, èyí tó pọ̀ jù nínú rẹ̀ jẹ́ ìtumọ̀ láti èdè Faransé. Nígbà tó wá di 1816, ọdún mẹ́rin lẹ́yìn tí Napoleon sá kúrò ní Moscow, Levshin yìí kan náà kọ Russkaya povarnya, ìyẹn Ilé Ìdáná Rọ́ṣíà, ó sì ń dárò pé ìmọ̀ nípa oúnjẹ Rọ́ṣíà ti fẹ́rẹ̀ẹ́ parun tán. Ẹni tó fọwọ́ ara rẹ̀ ṣílẹ̀kùn fún àlejò ló ń sunkún pé wọ́n ti gba ẹní mọ́ òun nídìí!

Kò sì parun. Ilé àwọn ọlọ́lá ni Levshin ti ń wá a.

Avdeeva kò ní í wá a lọ ibì kankan. Ìdílé oníṣòwò ló ti wá. Láti Kursk ni wọ́n ti kó lọ sí Irkutsk ní Siberia nígbà tó wà lọ́mọdé, ibẹ̀ ló ti lọ́kọ, ibẹ̀ ni ọkọ ti kú tó fi ọmọ márùn-ún sílẹ̀ fún un. Àbúrò rẹ̀, Nikolai Polevoi, jẹ́ akọ̀wé tí gbogbo Moscow mọ̀. Avdeeva náà ti kọ̀wé nípa Siberia ní 1837 kó tó di pé ó gbé Ìwé Ìtọ́sọ́nà Ìyàwó Ilé Rọ́ṣíà Onírìírí jáde ní 1842. Ojú ìwé àkọ́kọ́ ti sọ pé láti inú ìrírí ogójì ọdún ni ó ti wá. Ó ní òun kò tàbùkù tábìlì Jámánì àti ti Faransé, ṣùgbọ́n èyí tó jẹ́ tiwa, tó ti mọ́ wa lára, ló ṣe wá lóore jù. Ẹ wo bí ó ti rọra sọ ọ́! Kò sunkún bíi Levshin, kò sì bú ẹnikẹ́ni.

Ohun tó tún jẹ́ kí n fara mọ́ obìnrin yìí ni pé ó ń kó àlọ́ jọ. Ní 1844 ó tẹ àlọ́ Rọ́ṣíà jáde fún àwọn ọmọdé, gẹ́gẹ́ bí olùtọ́jú ọmọ kan ṣe ń pa á. Ẹni tó mọ̀ pé àlọ́ àti ọbẹ̀, ẹnu ìyá kan náà ni wọ́n ti ń jáde, òun ló mọ ohun tó ń ṣe.

Molokhovets ńkọ́? Ọbẹ̀ tó dùn, owó ló pa á, ìwé rẹ̀ sì mọ ìyẹn dáadáa: ó kún fún ọbẹ̀ ìdà-sórí-ẹran bíi ti Faransé, ó sì ya oúnjẹ ìránṣẹ́ sọ́tọ̀. Ó bẹ̀rẹ̀ láti nǹkan bí 1,500 oúnjẹ, ó kọjá 4,000 kó tó di 1917. Ìtẹ̀jáde rẹ̀ lé ní 20. Ó pọ̀, ó wúlò, mo gbà.

Ìyókù, ẹ̀yin náà mọ̀ ọ́n. Anastas Mikoyan, kọmísánà oúnjẹ lábẹ́ Stalin, lọ sí Amẹ́ríkà ní 1936 láti wo ẹ̀rọ wọn, ìwé ìjọba lórí oúnjẹ aládùn tó ń ṣara lóore sì jáde ní 1939. Ní 1978, Vilyam Pokhlebkin ya oúnjẹ ẹ̀yà kọ̀ọ̀kan ní Soviet sọ́tọ̀ (orúkọ ń ro ọmọ, nítorí pokhlebka ni ọbẹ̀ olómi). Òun náà ló kọ ìtàn vodka pẹ̀lú ẹjọ́ kan tó ní Pólàńdì pè tó sì jẹ̀bi, tí àwọn òpìtàn wá ìwé rẹ̀ tì. Ní oṣù keje ọdún 2022, nígbà tí ogun Rọ́ṣíà àti Ukraine ń lọ, UNESCO kọ sísè borsch Ukraine, ọbẹ̀ bíìtì wọn, sínú ìwé àwọn ogún tó nílò ààbò kíákíá, wọ́n sì fapá jánú ní Moscow. Avdeeva, tó kọ̀ láti tàbùkù tábìlì ẹlòmíràn, ti kú láti 1865, ọdún mẹ́rin lẹ́yìn tí ìwé Molokhovets jáde ní ìlú tí wọ́n bí òun sí.