NigeriaSat-1

NigeriaSat-1 ni sátẹ́láìtì àkọ́kọ́ tí Nàìjíríà fi ránṣẹ́ sójú òfuurufú. Yíya àwòrán ilẹ̀ ni iṣẹ́ rẹ̀ kó tó ṣíwọ́, pàápàá níbi tí omíyalé, iná tàbí ìjì bá ti ṣọṣẹ́. Ilé-iṣẹ́ Surrey Satellite Technology ló kọ́ ọ ní Guildford, nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, fún NASRDA, àjọ ìjọba àpapọ̀ tó ń rí sí ọ̀rọ̀ òfuurufú. Àwọn ẹnjinníà ọmọ Nàìjíríà wà níbẹ̀ tí wọ́n ń kọ́ṣẹ́ bí wọ́n ṣe ń tò ó. Rọ́kẹ́ẹ̀tì Kosmos-3M ló gbé e lọ láti Plesetsk, ní Rọ́ṣíà, ní ọjọ́ 27 oṣù Kẹsàn-án ọdún 2003. Nǹkan bí 100 kílò péré ló wọ̀n.

Kò dá ṣiṣẹ́. Ó wà lára Disaster Monitoring Constellation, ẹgbẹ́ àwọn sátẹ́láìtì tó ń ṣọ́ àjálù, pẹ̀lú AlSAT-1 ti Àlgéríà, BILSAT-1 ti Túrkì àti UK-DMC ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Sátẹ́láìtì kékeré kan kì í tètè padà síbi tó ti kọjá. Àmọ́ bí mẹ́rin bá tẹ̀lé ara wọn lọ́nà kan náà, kò sí ìlú tí ọ̀kan nínú wọn kò ní lè yà láàárín ọjọ́ kan.

Bó ṣe ń ṣiṣẹ́

Nǹkan bíi kìlómítà 686 ló fi ga sókè ilẹ̀, ìṣẹ́jú tí kò pé 100 ló sì fi ń yí ayé po lẹ́ẹ̀kan. Nígbà tó ń ṣiṣẹ́, oòrùn ló ń fún bátìrì rẹ̀ lágbára, bátìrì yìí ló sì ń gbé e nígbà tó bá wọ inú òjìji ayé. Kì í ya àwòrán ní gbogbo ìgbà. Láti ilẹ̀ ni wọ́n ti ń sọ ibi tí yóò yà fún un. Yóò kó àwòrán náà pa mọ́, yóò sì fi ránṣẹ́ nígbà tó bá ń kọjá lókè ibùdó tó ń gbà á. Àǹfààní yìí kò ju ìṣẹ́jú mélòó kan lọ, nítorí náà ètò ni gbogbo iṣẹ́ ọ̀hún dúró lé.

Àwòrán rẹ̀ fẹ̀ ju kìlómítà 600 lọ, débi pé Ògbómọ̀ṣọ́ àti Mákúrdì lè wọ inú ẹyọ kan. Lẹ́yìn ìjì Katrina ní Amẹ́ríkà ní ọdún 2005, ó wà lára àwọn tó kọ́kọ́ fi àwòrán ibẹ̀ ránṣẹ́.

Ní Ọ̀yọ́ àti Ògbómọ̀ṣọ́

Ojúàmì kan, ìyẹn ẹyọ tó kéré jù lọ nínú àwòrán rẹ̀, jẹ́ mítà 32 ní ìbú àti òòró lórí ilẹ̀, ìyẹn ilẹ̀ tó ju púlọ́ọ̀tì méjì ti ẹsẹ̀ bàtà 50 sí 100 lọ. Ilé kan ṣoṣo l'Ọ́yọ̀ọ́ kò lè hàn nínú rẹ̀, kò sì lè bá ẹnikẹ́ni yanjú ẹjọ́ ààlà; bíkìn tí wọ́n ń rì sí ààlà ilẹ̀ ni ìyẹn ń fẹ́. Ohun ńlá ló mọ̀ ọ́n wò: adágún omi Ìkẹ́rẹ́ lẹ́bàá Ìsẹ́yìn, tàbí ilẹ̀ ọ̀dàn tí iná ọyẹ́ ti jó.

Àwọ̀ ewé, pupa àti infrared, ìmọ́lẹ̀ tí ojú wa kò rí, ni kámẹ́rà rẹ̀ ń gbà. Ewé tútù máa ń dá infrared padà gan-an, àwọn tó ń tẹ àwòrán náà sì sábà máa ń fi pupa ṣàfihàn rẹ̀. Oko kajú tó gbó dáadáa ní agbègbè Ògbómọ̀ṣọ́ yóò wá pupa fòò. Omi yóò dúdú. Igbó tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jó náà yóò ṣókùnkùn, èyí tó lè mú kí ẹni tí ojú rẹ̀ kò tíì là sí iṣẹ́ náà pe eérú ní adágún. Wọ́n á fi wé àwòrán tí wọ́n yà kí iná tó jó.

Ìkùukùu ni ìṣòro tó le jù. Kámẹ́rà yìí kò ríran gba inú rẹ̀ kọjá, ìgbà òjò gan-an ni omi sì máa ń ya wọ ilé. Fún ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́, sátẹ́láìtì yìí wúlò nígbà ẹ̀ẹ̀rùn ju ìgbà tí àgbàrá ń gbé nǹkan lọ.

Àwọn tó tẹ̀lé e

Ọdún 5 ni wọ́n ṣírò pé yóò lò, ṣùgbọ́n ó lò jù bẹ́ẹ̀ lọ kó tó ṣíwọ́. Ní ọjọ́ 17 oṣù Kẹjọ ọdún 2011, NigeriaSat-2 àti NigeriaSat-X gbéra láti Yasny, ní Rọ́ṣíà. Àwọn ẹnjinníà Nàìjíríà ló kọ́ NigeriaSat-X ní Guildford. NigeriaSat-2 lè rí ohun tí kò ju mítà 2.5 lọ, òrùlé ilé sì ti wọ inú ìyẹn. Síbẹ̀, ìkùukùu ń dí òun náà lójú. Àwọn tó ń wá ojú omíyalé lábẹ́ òjò ń lo sátẹ́láìtì rédà, èyí tó ń ríran gba inú ìkùukùu kọjá, bíi Sentinel-1 ti ilẹ̀ Yúróòpù tó gòkè ní ọdún 2014.