Bí Kọ̀ǹpútà Bá Ní A Kò Láṣẹ Lórí Fódà Tiwa

Ní àwọn ṣọ́ọ̀bù tí wọ́n ti ń tẹ iṣẹ́ fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ní Adó-Èkìtì àti Ọ̀yẹ́-Èkìtì, kì í ṣe tuntun kí kọ̀ǹpútà kan kú, kí wọ́n yọ hard disk inú rẹ̀, kí wọ́n sì so ó mọ́ òmíràn. Gbogbo fódà ibẹ̀ lè hàn kedere, ṣùgbọ́n bí wọ́n bá fẹ́ tọ́jú iṣẹ́ tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ tẹ̀ tán sínú ọ̀kan nínú wọn, Windows á ní wọn kò láṣẹ láti kọ nǹkan síbẹ̀. Ọ̀pọ̀ máa ń di ẹ̀bi náà ru disk. Disk kò ṣe nǹkan kan.

Lábẹ́ NTFS, ètò ìtọ́jú fáìlì tí Microsoft gbé jáde ní 1993, fódà kọ̀ọ̀kan ní àkọsílẹ̀ ẹni tó ni ín, ẹni tó lè kà á, àti ẹni tó lè kọ nǹkan sínú rẹ̀. Kì í ṣe orúkọ ni wọ́n kọ síbẹ̀, nọ́ńbà gígùn kan ni, tó sábà máa ń bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú S-1-5-21. Kọ̀ǹpútà kọ̀ọ̀kan ló ń fún àkáǹtì tí a ṣí sórí rẹ̀ ní nọ́ńbà tirẹ̀. Nítorí náà, bí àkáǹtì bá ń jẹ́ Bọ́lá lórí méjèèjì, Bọ́lá orí kọ̀ǹpútà tó kú àti Bọ́lá orí tuntun, ẹni ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni wọ́n lójú ẹ̀rọ, bí password wọn tilẹ̀ jẹ́ ọ̀kan náà.

Láti tún un ṣe, a ó fi àkáǹtì alábòójútó wọlé, a ó fi bọ́tìnì ọ̀tún máòsì tẹ fódà náà, a ó yan Properties, lẹ́yìn náà Security. Níbẹ̀ ni a ti sábà máa ń rí Account Unknown pẹ̀lú nọ́ńbà àtijọ́ yẹn. A ó tẹ Advanced, a ó tẹ Change níwájú Owner, a ó kọ orúkọ àkáǹtì wa, a ó sì fi àmì sí àpótí tó ní kí ìyípadà náà dé gbogbo ohun tó wà nínú fódà. Kí iná má lọ lásìkò yìí o, nítorí pé fáìlì kọ̀ọ̀kan ni ẹ̀rọ ń yí padà, àwọn tí kò tíì dé ọ̀dọ̀ wọn á sì wà lórúkọ ẹni àtijọ́.

Níní fódà nìkan kò tíì tó. A ó padà sí Security, a ó tẹ Edit, a ó fi orúkọ wa kún un, a ó sì fi àmì sí Modify, àṣẹ láti kọ nǹkan síbẹ̀ àti láti yí i padà, lábẹ́ Allow (gbà láyè). Bí àmì bá wà ní Deny (má gbà láyè) fún wa lórí fódà yẹn, ó borí Allow, a ó sì kọ́kọ́ mú un kúrò. Àwọn kan a máa fún Everyone (gbogbo ènìyàn) ní Full control (àṣẹ pátápátá) kí wàhálà lè tán. Nínú ṣọ́ọ̀bù tí ọmọ iṣẹ́ mẹ́ta ń lo ẹ̀rọ kan, ìyẹn ni pé ẹnikẹ́ni lè pa iṣẹ́ oníbàárà rẹ́.

Àpótí Read-only (kíkà nìkan) tó wà nínú Properties kò kan ọ̀rọ̀ yìí rárá: fáìlì inú fódà ló ń bá wí, kì í ṣe fódà fúnra rẹ̀, bí a bá sì pa àmì rẹ̀ rẹ́, yóò tún padà.

Kí a tó kúrò níbẹ̀, kí a dá fáìlì òfìfo kan sínú fódà náà láti inú File Explorer. Bí ó bá dúró, tí ètò ìtẹ̀wé kan ṣì ń kọ̀, Controlled folder access, ètò ààbò inú Windows Security tó ń dí àwọn ètò tí kò fọkàn tán lọ́wọ́ láti kọ nǹkan sínú àwọn fódà kan, ni ó ṣeé ṣe kó máa dá ètò yẹn dúró, níbẹ̀ ni a ó sì ti fún un láyè.