Ohun tó ń sọ ìyá àgbà di àjẹ́ nínú fíìmù

Bí ìyá àgbà bá ti yọ nínú fíìmù Yorùbá, òǹwòran ti parí èrò: àjẹ́ ni, tàbí ìyá ọkọ tí ò jẹ́ kí ìyàwó ilé sinmi. Kì í ṣe ojú ìyá yẹn ló burú. Iná tí wọ́n fi ń ya fíìmù ni.

Wọ́n á gbé iná sílẹ̀ kó máa tàn lọ sókè. Òjìji imú á gun iwájú orí, ihò ojú á ṣókùnkùn. Ẹni ọgbọ̀n ọdún tó bá jókòó síbẹ̀, ó máa dẹ́rù bani. Ẹ gbé iná ọ̀hún ga ju orí rẹ̀ lọ díẹ̀, lẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ẹ ta aṣọ funfun síwájú iná kó rọ̀, kí kámẹ́rà sì bá ojú ìyá dọ́gba. Ẹ ó rí i pé ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ á wù yín gbọ́.

Àwọn mìíràn a máa fi ọmọge ṣe arúgbó. Rọ́bà olómi ni wọ́n ń lò: wọ́n á na awọ ojú, wọ́n á fi kànrìnkàn tẹ rọ́bà náà lé e fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́, wọ́n á dúró kó gbẹ, wọ́n á wọ́n pọ́dà sí i, kí wọ́n tó tú awọ sílẹ̀ kó hunjọ. Nínú ooru ọ̀sán Adó-Èkìtì, òógùn á ṣí i létí ẹnu. Pọ́dà funfun orí irun á sì máa já sí èjìká bùbá.

Kí ló dé tí ẹ ò pe ìyá àgbà gan-an? Wọ́n wà ní Ìkẹ́rẹ́, wọ́n wà ní Ìjerò, ojúlówó Èkìtì sì wà lẹ́nu wọn. Àárọ̀ ni kí ẹ ya apá tiwọn, kí àga tó ní ẹ̀yìn wà nítòsí. Ẹ má ní kí wọ́n há ìwé sórí. Ẹ sọ ohun tó ṣẹlẹ̀ fún wọn, kí wọ́n fẹnu ara wọn sọ ọ́.

Ìwé ìtàn fíìmù ló ṣòro jù láti kọ. A Tribe Called Judah, fíìmù tó jáde ní 2023 nípa ìyá kan àti ọmọkùnrin rẹ̀ márùn-ún, pa owó tó lé ní bílíọ̀nù kan náírà ní sinimá. Èrò fẹ́ wo ìyá, ìyẹn dájú. Àmọ́ àìsàn dá ìyá náà dúró, àwọn ọmọ ló ń sáré kiri. Ẹ jẹ́ kí ìyá àgbà náà ní nǹkan tó ń lé: ìyálọ́jà tó fẹ́ gba ilẹ̀ ọjà padà, opó ẹni àádọ́rin ọdún tó fẹ́ lọ́kọ tí àwọn ọmọ fi ń bínú. Lẹ́yìn náà, ẹ yọ ọ́ kúrò nínú ìwé wò. Bí ìtàn bá ṣì ń lọ geerege, ẹ padà lọ kọ ọ́.