Àkùrọ̀: bí a ṣe ń dáko níbẹ̀ tí omi rẹ̀ kò fi ní sá lọ

"Àkùrọ̀ lómi tẹ́lẹ̀ kí òjò tó rọ̀ sí i." Ẹni tí òwe yìí bá yé dáadáa ti mọ ìdajì iṣẹ́ àkùrọ̀. Òjò tó rọ̀ sórí òkè tó yí ilẹ̀ náà ká ló rì wọlẹ̀, tó ń yọ́ rìn lábẹ́ ilẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọ̀sẹ̀ tàbí oṣù, kó tó sun jáde ní ìsàlẹ̀. Ìdí nìyẹn tí ilẹ̀ òkè fi ń sán nínú oṣù kìn-ín-ní, tí ẹni tó gbẹ́ ilẹ̀ dé orúnkún ní àkùrọ̀ sì ń kan omi. Àwọn Hausa ń pè é ní fadama, orúkọ tí ìjọba Nàìjíríà àti Báńkì Àgbáyé fi pe ètò àgbẹ̀ tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ ní àwọn ọdún 1990.

Àdéhùn àgbáyé lórí irú ilẹ̀ báyìí wà, èyí tí wọ́n fọwọ́ sí ní ìlú Ramsar ní Ìráànì ní ọjọ́ kejì oṣù kejì ọdún 1971. Nàìjíríà wọ inú rẹ̀ ní 2001. Àdéhùn náà kò sọ pé kí àgbẹ̀ má dé ibẹ̀. Ohun tó ń béèrè ni pé kí á lò ó lọ́nà tí yóò fi máa jẹ́ àkùrọ̀ lọ. Lójú tiwa, ọ̀rọ̀ kan ni gbogbo rẹ̀ dá lé: ibi tí omi dúró sí nínú ilẹ̀.

Kí ẹ tó kọ ebè kan, ẹ wọn omi yẹn. Ẹ gbẹ́ ihò tó jìn tó mítà kan, kí ẹ ti páìpù tí ẹ ti lu lára bọ̀ ọ́, kí ẹ máa fi igi wọn ún lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀. Tẹ̀tẹ̀, ṣọkọ, ewédú, ilá àti ata fẹ́ kí omi wà ní nǹkan bíi 40 sí 60 sẹ̀ǹtímítà nísàlẹ̀ ojú ilẹ̀ tí wọ́n dúró lé. Bó bá sún mọ́ òkè jù, afẹ́fẹ́ kò ní ráyè wọ inú ilẹ̀, gbòǹgbò yóò rà. Bó bá jìn jù, garawa ni ẹ ó máa fi pọn omi títí ẹ̀ẹ̀rùn yóò fi parí. Etí àkùrọ̀ ló bá ẹ̀fọ́ àti àgbàdo mu. Kókò àti ìrèké lè súnmọ́ àárín. Ìrẹsì ni kí ẹ fi sí àárín gan-an.

Bẹ́ẹ̀dì ẹ̀fọ́ kì í fẹ̀ ju mítà kan sí mítà kan àti ogún sẹ̀ǹtímítà lọ, kí ọwọ́ lè dé àárín rẹ̀ láì tẹ̀ ẹ́. Ẹ gbé e sókè tó 20 sí 30 sẹ̀ǹtímítà, kí poro tó wà láàárín wọn fẹ̀ tó 30 sí 40. Ibi tí ọ̀pọ̀ ti ń ṣìṣe nìyí: wọ́n á gbẹ́ kòtò jíjìn kan ṣoṣo láti oko tààrà dé odò. Lọ́dún àkọ́kọ́, ilẹ̀ á gbẹ dáadáa, inú wọn á dùn. Lẹ́yìn náà ni àgbàrá á bẹ̀rẹ̀ sí í jẹ orí kòtò náà wọ inú oko, omi abẹ́ ilẹ̀ á sọ̀ kalẹ̀, kànga aládùúgbò á gbẹ. Ilẹ̀dú tí omi ti ń pa mọ́ láti ọdún pípẹ́ á rí afẹ́fẹ́, á jẹrà, á sì wọlẹ̀. Ilẹ̀dú tó ti lọ báyìí kì í padà lójú ẹni. Nítorí náà, ẹ jẹ́ kí poro má jìn, kí ó gba ẹ̀gbẹ́ òkè lọ, kí ẹ sì fi àpò iyanrìn dí ẹnu rẹ̀. Ẹ ṣí i nígbà tí òjò bá pọ̀. Ẹ dí i kí òjò tó dá, kì í ṣe lẹ́yìn tó ti dá. Ẹ má sì sun igbó àkùrọ̀ níná: ẹ gé koríko, kí ẹ fi bo bẹ́ẹ̀dì.

Ti ìrẹsì yàtọ̀. Níbẹ̀, ògiri amọ̀ kékeré tó ga tó 30 sẹ̀ǹtímítà ni a fi ń yí abala ilẹ̀ kọ̀ọ̀kan ká, kí inú rẹ̀ sì tẹ́jú débi pé ibi gíga àti ibi kòtò kò ní fi ju 5 sẹ̀ǹtímítà lọ. Sawah ni wọ́n ń pe irú oko báyìí, ọ̀rọ̀ láti Indonesia. Àwọn onímọ̀ láti Japan àti Nàìjíríà ti fi kọ́ àgbẹ̀ ní àgbègbè Bida fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ẹ tú ìrẹsì tó ti hù fún ọjọ́ 21 láti ibi tí ẹ ti gbìn ín, kí ẹ tún un gbìn síbẹ̀, méjì sí mẹ́ta lójú kan, 20 sẹ̀ǹtímítà sí ara wọn. Omi kò gbọ́dọ̀ kún un ní gbogbo ìgbà. Ẹ ri páìpù tí ẹ ti lu lára mọ́lẹ̀. Nígbà tí omi bá lọ sí 15 sẹ̀ǹtímítà nísàlẹ̀ ojú ilẹ̀, ẹ dá omi wọlé kó kún dé 5 sẹ̀ǹtímítà lókè. Èyí ń dín omi kù, ó sì ń dín gáàsì methane, tó ń mú ayé gbóná, tí ilẹ̀ aláìláfẹ́fẹ́ ń tú sókè kù. Àmọ́ nígbà tí ìrẹsì bá ń tanná, ẹ má jẹ́ kó gbẹ rárá. Ẹ tú omi dànù ní bí ọ̀sẹ̀ méjì kí ẹ tó kórè.

Bí ewé ìrẹsì bá ń pọ́n láti ṣóńṣó bí irin tó ti dógùn-ún, tí omi inú oko sì ní awọ tó ń dán bí epo lójú, irin inú ilẹ̀ ti yọ́ sínú omi nìyẹn. Ẹ fi igi gún awọ náà: bó bá fọ́ sí wẹ́wẹ́ bí dígí, irin ni, bó bá tún papọ̀, epo gidi ni, ẹ wá ibi tó ti ń jò. Ẹ jẹ́ kí omi náà ṣàn jáde, kí ilẹ̀ mí fún ọjọ́ díẹ̀, kí ẹ fi potassium kún ajílẹ̀, kí ẹ sì gbin irú tó lè fara dà á, bíi FARO 52.

Ẹ̀bá òkun, bíi ti Ìlàjẹ, ń fẹ́ ìṣọ́ra tó ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ní ibi tí igi etí omi iyọ̀ ti ń hù, tí gbòǹgbò wọn dúró bí ẹsẹ̀ nínú ẹrẹ̀, imí ọjọ́ lè wà nínú ẹrẹ̀ náà. Bí wọ́n bá gbẹ omi rẹ̀, afẹ́fẹ́ á sọ ọ́ di ásíìdì tó lè pa ohun ọ̀gbìn àti ẹja. Ibẹ̀ kì í ṣe ibi oko. Ẹ fi í sílẹ̀.

Ẹ fi igi àti igbó sílẹ̀ ní bèbè odò, ó kéré tán mítà mẹ́wàá, kí ẹ sì má fọwọ́ kan ibi tí omi ti ń sun. Ẹ má fọ tánkì oògùn apakoríko sínú odò. Òkè, níbi tó jìnnà sí omi, ni kí ẹ ti fọ̀ ọ́.

Ìgbín kéékèèké inú omi ló ń gbé àtọ̀sí ajá, kòkòrò rẹ̀ sì ń gba awọ ara wọlé. Bàtà òjò kò wọ́n tó àìsàn yẹn. Bí ìtọ̀ ẹni tó ń ṣiṣẹ́ ní àkùrọ̀, pàápàá ọmọdé, bá pọ́n, ẹ gbé e lọ sí ilé ìwòsàn. Oògùn praziquantel ni wọ́n fi ń tọ́jú rẹ̀.